Sàláàdì Òdòdó Ọ̀gẹ̀dẹ̀ Bí Wọ́n Ṣe Ń Ṣe É ní Bọ́mà

Òdòdó ọ̀gẹ̀dẹ̀, èyí tó máa ń rọ̀ nísàlẹ̀ ìdì bí ọ̀gẹ̀dẹ̀ bá ti ń so, jẹ́ ẹ̀fọ́ pàtàkì lọ́wọ́ àwọn ará Bọ́mà. Wọ́n á bó o, wọ́n á rẹ́ ẹ wẹ́wẹ́, wọ́n á bọ̀ ọ́ lórí iná, wọ́n á fún omi rẹ̀ dànù, wọ́n á wá fi ọwọ́ pò ó mọ́ àlùbọ́sà díndín, ẹ̀pà, edé gbígbẹ, ìyẹ̀fun ẹ̀wà yíyan, omi ọsàn wẹ́wẹ́ àti ata. Ngapyaw phu thoke ni wọ́n ń pè é. Ẹ̀gbẹ́ abọ́ ìrẹsì ni wọ́n máa ń gbé e sí, pẹ̀lú ọbẹ̀ ẹran tàbí ẹja, kí ó lè máa tún ẹnu ṣe bí oúnjẹ ṣe ń lọ.

Ẹni tó bá gbọ́ sàláàdì ní Èkó tàbí Ìbàdàn, ewé lẹ́tíùsì, kábéèjì, karọ́ọ̀tì àti kúrìmù funfun ni ọkàn rẹ̀ á lọ sí. Ti Bọ́mà kò ní kúrìmù rárá. Ohun tó sọ ọ́ di sàláàdì ni pé ọwọ́ ni wọ́n fi ń pò ó, wọn kì í sì í gbé e padà sórí iná lẹ́yìn ìgbà tí wọ́n bá ti pò ó tán. Èyí tó lókìkí jù nínú irú sàláàdì bẹ́ẹ̀ ní Bọ́mà ni lahpet thoke, tí wọ́n ń fi ewé tíì tí wọ́n ti rẹ títí tó fi kan ṣe. Wọ́n tún ń fi jinja ṣe sàláàdì, wọ́n ń fi tòmátì ṣe é, wọ́n tilẹ̀ ń fi ìrẹsì àti núdùùsì ṣe é. Ìpìlẹ̀ kan náà ni gbogbo wọn dúró lé: òróró tí a ti din àlùbọ́sà tàbí aayù nínú rẹ̀, ohun yíyan tí a lọ̀, ohun tó kan, ohun oníyọ̀ tó ti inú omi wá, àti ohun tó ń rún lábẹ́ eyín. Òdòdó ọ̀gẹ̀dẹ̀ ló le jù láti tún ṣe nínú gbogbo ohun tí wọ́n ń fi sí i, ṣùgbọ́n ó tó bẹ́ẹ̀, ó jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Ní 1989 ni ìjọba ológun Bọ́mà yí orúkọ orílẹ̀-èdè náà padà sí Myanmar, àmọ́ Bọ́mà ni orúkọ tí Yorùbá mọ̀ ọ́n sí láti ìgbà Ogun Àgbáyé Kejì. Dífíṣọ̀n 81 àti 82 ti ọmọ ogun Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà jà níbẹ̀, ọ̀pọ̀ nínú wọn sì jẹ́ ọmọ Nàìjíríà. Ọ̀kan lára wọn ni Isaac Fadoyebo, ọmọ Èmùrè-Ilé lẹ́bàá Ọ̀wọ̀, tí ìbọn bà ní àfonífojì Kaladan ní Oṣù Kẹta 1944. Àgbẹ̀ kan tó ń jẹ́ Shuyiman ló gbé òun àti ọmọ ogun kan láti Sierra Leone pa mọ́, tó ń wá oúnjẹ fún wọn, títí àwọn ọmọ ogun ẹgbẹ́ wọn fi padà dé ní Oṣù Kejìlá ọdún náà. Ohun tí ará Bọ́mà fi sí abọ́ fún àlejò ti dá ẹ̀mí ọmọ Yorùbá sí rí.

Ilẹ̀ Bọ́mà kò rí bákan náà jákèjádò. Gúúsù rẹ̀, níbi tí odò Ayeyarwady ti pín yẹ́lẹyẹ̀lẹ kí ó tó wọ òkun, jẹ́ ilẹ̀ olómi tí ìrẹsì ti ń ṣe dáadáa. Àárín rẹ̀ gbẹ, òjò kì í pọ̀ níbẹ̀, ibẹ̀ ni wọ́n sì ti ń gbin ẹ̀pà, yánmọtí àti oríṣiríṣi ẹ̀wà. Ìyẹn ni pé nínú abọ́ sàláàdì kan ṣoṣo, edé etíkun, ẹ̀pà ilẹ̀ gbígbẹ àti ọ̀gẹ̀dẹ̀ ilẹ̀ tútù ti pàdé. Ọ̀gẹ̀dẹ̀ ní pàtàkì kì í jìnnà sí wọn. Wọ́n ń gé àárín igi rẹ̀ sínú mohinga, ọbẹ̀ ẹja àti núdùùsì tí wọ́n fi ń ṣe oúnjẹ àárọ̀. Bí wọ́n bá fẹ́ bọ àwọn ẹ̀mí tí wọ́n ń pè ní nat, ìdì ọ̀gẹ̀dẹ̀ àti odidi àgbọn ni wọ́n ń tò sínú àwo ẹbọ. Níbi tí wọ́n bá ti ń lo ohun ọ̀gbìn kan báyìí láti ìdí dé orí, kò sí bí òdòdó rẹ̀ ṣe máa di ohun ìdànù.

Ó yẹ kí a mọ ohun tí òdòdó náà jẹ́ kí a tó fi ọ̀bẹ kàn án. Ohun tí a ń pè ní igi ọ̀gẹ̀dẹ̀ kì í ṣe igi. Ìdí ewé tó wé mọ́ra wọn ni. Láti inú ilẹ̀ ni ọ̀pá òdòdó ti máa ń gba àárín ewé wọ̀nyí gòkè, tí á yọ lókè, tí á sì dorí kodò. Bí èèpo elésè àlùkò tó bò ó bá ti ń ṣí lọ́kọ̀ọ̀kan, àwọn òdòdó á máa hàn lábẹ́ wọn. Àwọn tó kọ́kọ́ yọ jẹ́ abo, àwọn ló ń di ọmọ ọ̀gẹ̀dẹ̀, wọn kò sì nílò kí kòkòrò kan gbé àtíkè òdòdó wá bá wọn kí wọ́n tó so. Àwọn tó kù sí ìsàlẹ̀ jẹ́ akọ, wọn kò lè so láéláé. Orí òdòdó akọ yìí, tó ṣì di mọ́ra, tí ẹnu rẹ̀ ṣóńṣó, ni ẹ̀fọ́ tí a ń sọ.

Nítorí náà, gígé e kò ní kí àgbẹ̀ pàdánù ohunkóhun. Bí àwọn ọmọ ọ̀gẹ̀dẹ̀ bá ti yọ tán, tí ọ̀pá tó wà láàárín wọn àti òdòdó sì ti gùn díẹ̀, a lè gé e kúrò. Ní Uganda, níbi tí wọ́n ti rí àrùn kan tó ń mú ọ̀gẹ̀dẹ̀ rọ ní 2001, wọ́n tilẹ̀ ń rọ àwọn àgbẹ̀ pé kí wọ́n gé e, nítorí pé ibẹ̀ ni kòkòrò máa ń bà sí tí wọ́n fi ń kó àrùn náà láti orí kan dé òmíràn. Igi oníga méjì ni wọ́n ní kí wọ́n fi ṣẹ́ ẹ dípò ọ̀bẹ, kí ọ̀bẹ má bàa di ohun tó ń tan àrùn kálẹ̀.

Ẹni tó bá fẹ́ wá a ní ilẹ̀ Yorùbá ní láti mọ oko tí yóò lọ. Lórí ọ̀gẹ̀dẹ̀ àgbagbà tó wọ́pọ̀ jù lọ́dọ̀ wa, òdòdó akọ kì í dúró. Ó máa ń rọ tán kí ìdì tó gbó. Ọ̀gẹ̀dẹ̀ wẹ́wẹ́ ló máa ń gbé òdòdó ńlá rọ̀ títí di ìgbà ìkórè, ti wọn ló sì dára jù fún oúnjẹ. Kò sí ní àwọn ọjà wa bí ẹ̀fọ́ ṣe wà, nítorí náà ọwọ́ àgbẹ̀ tàbí ẹni tó gbin ọ̀gẹ̀dẹ̀ sẹ́yìnkùlé ni a ti lè rí i. Àwọn tó wà ní Lọ́ńdọ́nù tàbí àwọn ìlú ńlá Amẹ́ríkà lè rí i ní ṣọ́ọ̀bù àwọn ará Éṣíà, ní tútù tàbí nínú agolo. Ti agolo kò ní wàhálà kankan, wọ́n ti bó o, wọ́n sì ti sè é. Kí a kàn ṣan omi iyọ̀ kúrò lára rẹ̀. Ṣùgbọ́n ó ti rọ̀ jù, èyí tútù sì sàn jù ú lọ fún sàláàdì.

Òdòdó tó dára wúwo lọ́wọ́, ó le, èèpo rẹ̀ di mọ́ra, àwọ̀ rẹ̀ sì ń dán. Èyí tí èèpo rẹ̀ ti ń ṣí tàbí tí etí rẹ̀ ti dúdú ti pẹ́ lẹ́yìn gígé. Ẹyọ kan tó tóbi níwọ̀nba, tó wọn bí ìdajì kílò, tó fún ènìyàn mẹ́rin pẹ̀lú ìrẹsì, bó tilẹ̀ jẹ́ pé èyí tó pọ̀ nínú rẹ̀ ni a óò bó dànù.

Iṣẹ́ gidi wà níbi bíbó àti rírẹ́ rẹ̀. Oje ọ̀gẹ̀dẹ̀ máa ń lẹ̀, bí ó bá sì kan aṣọ, àbàwọ́n rẹ̀ kì í lọ mọ́. Kí a wọ aṣọ àlòkù, kí a fi òróró ẹ̀pà ra ọwọ́ àti ojú ọ̀bẹ. Kí a tó fi ọ̀bẹ kan òdòdó náà, kí a ti gbé abọ́ ńlá kan sẹ́gbẹ̀ẹ́, pẹ̀lú omi lítà méjì, omi ọsàn wẹ́wẹ́ méjì àti ṣíbí ìjẹun iyọ̀ kan. Omi kíkan yìí ṣe pàtàkì. Òdòdó ọ̀gẹ̀dẹ̀ kún fún èròjà táníìnì, tó máa ń mú ẹnu gbẹ tó sì ń fa ahọ́n jọ. Bí afẹ́fẹ́ bá sì ti fẹ́ sí ojú ibi tí a gé, èròjà mìíràn tó wà nínú rẹ̀ á bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́, á sì sọ ọ́ di dúdú láàárín ìṣẹ́jú díẹ̀. Ohun kíkan ló ń dá iṣẹ́ yẹn dúró.

A óò wá máa ṣí èèpo rẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan. Àwọn èèpo òde tó le, tó pọ́n, ni a óò dà nù, ṣùgbọ́n òdòdó tín-ín-rín tó tò lẹ́sẹẹsẹ lábẹ́ ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn jẹ́ oúnjẹ, a kò gbọ́dọ̀ dà á nù mọ́ wọn. Kí a mú ẹyọ kan láàárín ìka méjì, kí a tẹ orí rẹ̀ kí ó là. Ọ̀pá tẹ́ẹ́rẹ́ kan á yọ láàárín rẹ̀, ó le, orí rẹ̀ wú díẹ̀. Bí ó ti wù kí a sè é pẹ́ tó, kì í rọ̀, á kàn máa ha èèyàn lẹ́nu ni. Ní ìdí òdòdó kan náà, èèpo pẹlẹbẹ kékeré kan wà tó mọ́ gaara débi pé ojú ń là á kọjá. Méjèèjì ni a óò fà yọ. Ó ń gba sùúrù, àmọ́ àwọn ìyá tó mọ̀ ọ́n ṣe máa ń mú odidi ẹsẹ̀ kan pọ̀, wọ́n á fi àtẹ́lẹwọ́ ra orí wọn títí àwọn ọ̀pá náà yóò fi nà síta, wọ́n á sì fa mẹ́rin tàbí márùn-ún yọ lẹ́ẹ̀kan náà. Ẹni tó bá fo ìgbésẹ̀ yìí kò gbọ́dọ̀ dá oúnjẹ náà lẹ́bi bí ó bá korò.

Bí a ṣe ń wọ inú lọ ni èèpo á máa funfun, tí òdòdó abẹ́ wọn á máa kéré sí i. Bí a bá ti dé ibi tí èèpo ti funfun tó sì rọ̀, kí a dúró. Odidi ohun tó kù yẹn ṣeé jẹ, àwọn òdòdó inú rẹ̀ kò sì nílò fífà mọ́. A óò là á sí méjì lóròó, a óò gé ìdí líle rẹ̀ kúrò, a óò rẹ́ ẹ ní ìbú, kí ó fẹ́lẹ́, a óò sì máa jù ú sínú omi kíkan náà bí a ṣe ń rẹ́ ẹ, láìjẹ́ kí ó dúró lórí pákó. Kí a fi igi tín-ín-rín kan rò ó yíká: oje rẹ̀ á máa so mọ́ igi náà bí òwú, a ó sì yọ ọ́ dànù. Lẹ́yìn náà, kí a fi àwo tẹ̀ ẹ́ kí ó rì, kí ó wà bẹ́ẹ̀ fún nǹkan bí ìdajì wákàtí.

Àwọn kan máa ń jẹ ẹ́ ní tútù lẹ́yìn ìyẹn. Bí a bá fẹ́ bẹ́ẹ̀, àárín rẹ̀ tó funfun nìkan ni kí a lò. Fún ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ ọ, bíbọ̀ ló dára jù, nítorí pé ó ń mú ìkorò lọ dájú. Kí a gbé omi mìíràn kaná pẹ̀lú iyọ̀ díẹ̀ àti ìdajì ṣíbí kékeré àtalẹ̀ pupa. Kí ó má ṣe jẹ́ ìkòkò irin dúdú, torí táníìnì àti irin máa ń di dúdú pa pọ̀. Ìkòkò tánganran tàbí èyí tí kì í dípẹtà ló yẹ. Bí omi bá ti hó, kí a da òdòdó sí i; ìṣẹ́jú 10 sí 15 á tó. Kí ó rọ̀, ṣùgbọ́n kí eyín ṣì rí nǹkan kan gé. Bí ó bá ti tutù, kí a máa bù ú lẹ́kúnwọ́, kí a fún un dáadáa bí a ṣe ń fún ewúro, kí omi tó korò jáde. Kí a tọ́ ọ wò. Bí ó bá ṣì ń fa ahọ́n jọ, kí a tún bọ̀ ọ́ nínú omi tuntun fún ìṣẹ́jú márùn-ún. Bí òdòdó tí a kò fún bá wọ inú sàláàdì, omi rẹ̀ á sọ gbogbo adùn yòókù di ẹ̀tẹ́.

Nígbà tí òdòdó bá ń tutù ni kí a ṣe àwọn yòókù. Ìdajì ife òróró ẹ̀pà ni a óò gbé kaná díẹ̀díẹ̀, a óò da àlùbọ́sà méjì tí a rẹ́ fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ sí i, a óò máa rò ó. Iná wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́ ni kí a fi ṣe é. Bí ó bá ti pọ́n rúsúrúsú, kí a tètè kó o, nítorí pé á tún pọ́n sí i lẹ́yìn tó bá kúrò lórí iná, ẹni tó bá sì dúró kí ó pọ́n tán nínú òróró á kó èyí tó ti jóná. Aayù márùn-ún tí a rẹ́ wẹ́wẹ́ ni kí a wá din tẹ̀ lé e, ní tirẹ̀ lọ́tọ̀, torí ó máa ń yára jóná ju àlùbọ́sà lọ. A kò ní da òróró náà nù; òun ni ẹ̀mí sàláàdì yìí.

Ìyẹ̀fun ẹ̀wà tí wọ́n ń lò jẹ́ ti chickpea, tí a lè rí rà ní ṣọ́ọ̀bù àwọn ará Íńdíà. Ṣíbí ìjẹun méjì tàbí mẹ́ta ni a óò yan nínú páànù gbígbẹ, láìsí òróró, tí a óò máa rò ó títí òórùn rẹ̀ á fi jọ ti ẹ̀pà yíyan, tí àwọ̀ rẹ̀ á sì jinlẹ̀ sí i. Bí a bá fi í sí i ní tútù, á máa rùn bí ìyẹ̀fun. Iṣẹ́ rẹ̀ ni láti mu omi ọsàn àti òróró kí gbogbo rẹ̀ lè lẹ̀ mọ́ òdòdó, kí ó má ṣàn sísàlẹ̀ abọ́. Ẹni tí kò bá rí i lè gún ẹ̀pà yíyan kúnná dípò rẹ̀; kò rọ́pò rẹ̀ tán, ṣùgbọ́n kò ba oúnjẹ náà jẹ́.

Àwọn tó kù kò ṣòro fún ilé ìdáná Yorùbá. Ẹ̀kúnwọ́ ẹ̀pà yíyan kan, tí a gún gbàràgbàrà. Edé gbígbẹ ṣíbí ìjẹun méjì, tí a ṣan iyanrìn kúrò lára rẹ̀, tí a yan díẹ̀ tí a sì gún. Ṣíbí yánmọtí yíyan kan. Ìdajì àlùbọ́sà tútù tí a rẹ́, tí a rẹ sínú omi tútù kí ó má bàa ta jù. Ewé coriander tí a gé, bí ó bá wà. Ní ti ata, ata wẹ́wẹ́ tútù tàbí ata gbígbẹ tí a yan tí a gún ló bá a mu. Òórùn ata rodo máa ń bo ti òdòdó mọ́lẹ̀. Fún iyọ̀, wọ́n ń lo omi pupa tó ń jáde lára ẹja kéékèèké tí a fi iyọ̀ pa mọ́ fún oṣù púpọ̀. Ṣíbí ìjẹun kan péré ni, torí iyọ̀ rẹ̀ le. Fún kíkan, omi ọsàn wẹ́wẹ́ méjì tàbí àjàgbọn tí a rẹ, èyí tí àwọn Hausa ń pè ní tsamiya.

Ọwọ́ mímọ́ ni a fi ń pò ó, ìyẹn kì í ṣe àṣejù, torí pé ṣíbí kò lè tú òdòdó tó ti so pọ̀ lẹ́yìn fífún. Kí a kọ́kọ́ da òdòdó sínú abọ́ fífẹ̀, kí a tú u, kí a fi ṣíbí mẹ́ta nínú òróró àlùbọ́sà náà rà á lára. Lẹ́yìn náà, omi ẹja àti omi ọsàn. Lẹ́yìn ìyẹn, ìyẹ̀fun ẹ̀wà, kí a wọ́n ọn yíká. Ẹ̀pà, edé, yánmọtí, ata àti àlùbọ́sà tútù á wá tẹ̀ lé e. Kí a tọ́ ọ wò níbí: kíkan ló yẹ kí ahọ́n kọ́kọ́ rí, iyọ̀ á tẹ̀ lé e, òróró á kádìí rẹ̀. Bí ó bá gbẹ jù, kí a fi òróró kún un, kì í ṣe omi. Àlùbọ́sà díndín, aayù àti ewé coriander ni ó máa ń gbẹ̀yìn, nígbà tí àwọn tó fẹ́ jẹun bá ti jókòó, kí wọ́n lè máa rún lẹ́nu.

Láàárín oṣù mẹ́ta ìgbà òjò tí àwọn ẹlẹ́sìn Búdà máa ń yà sọ́tọ̀, ọ̀pọ̀ ní Bọ́mà kì í jẹ ohun ẹlẹ́mìí. Wọ́n máa ń yọ edé àti omi ẹja kúrò nígbà náà, wọ́n á fi iyọ̀ àti ẹ̀pà kún un. Ó dùn bẹ́ẹ̀ náà. Àwọn aládùúgbò wọn náà ń jẹ òdòdó yìí lọ́nà tiwọn: ní Thailand, wọ́n ń gé e ní tútù sẹ́gbẹ̀ẹ́ núdùùsì díndín, ní Kerala ní Íńdíà, wọ́n ń fi àgbọn rírin sè é, ní Vietnam, wọ́n ń pò ó mọ́ ẹran adìyẹ. Ti Bọ́mà ló kún jù lọ nítorí ìyẹ̀fun ẹ̀wà àti òróró inú rẹ̀.

Ẹni tí ara rẹ̀ kò gba ẹ̀pà tàbí edé kò gbọ́dọ̀ jẹ ẹ́ bẹ́ẹ̀, ẹni tí rọ́bà ìbọ̀wọ́ bá sì máa ń yún lára ní láti ṣọ́ra fún oje ọ̀gẹ̀dẹ̀, torí méjèèjì lè ṣe ara bákan náà. Òdòdó tí a ti bọ̀ tí a sì ti fún lè wà nínú fìríìjì fún ọjọ́ méjì, ṣùgbọ́n sàláàdì tí a ti pò kì í dùn mọ́ bí ó bá sùn mọ́jú. Bí ẹ bá mọ ẹnikẹ́ni tó gbin ọ̀gẹ̀dẹ̀ wẹ́wẹ́ ní àdúgbò yín, ẹ bẹ̀ ẹ́ kí ó bá yín gé òdòdó kan sílẹ̀ ní ìgbà tí ìdì tó ń bọ̀ bá yọ, kí ẹ sì ṣe é ní ọjọ́ tí ẹ bá gbà á.